Wàláà Tí Mi Ò Fọ̀

Kí n tètè sọ ọ́ kí ẹlòmíràn tó bá mi sọ ọ́: ọmọ ààfáà ni mí, mi ò sì parí kéwú. Ní Dichemso, láàárín àwa ọmọ Ìlọrin tí wọ́n bí sí Kumasi, ẹ̀sùn ńlá nìyẹn. Àwọn ẹgbẹ́ mi ti ṣe wòlímọ̀ wọn, wọ́n ti wọ aṣọ funfun, wọ́n ti ka Kùránì níwájú èrò, àwọn ìyá wọn ti sunkún ayọ̀. Èmi ni wọ́n máa ń wò láti òkè dé ilẹ̀, tí wọ́n á wá béèrè pé, "Ọmọ Ààfáà, tìẹ ńkọ́?" Màá ní ó ń bọ̀. 

Pákó kan ṣoṣo ló dá mi dúró. Wàláà là ń pè é, pákó pẹrẹsẹ tí ọmọ kéwú fi ń kẹ́kọ̀ọ́. Olùkọ́ á fi tàdáwà dúdú kọ ìlà bíi mélòó kan sí i, ọmọ á jókòó tì í, á máa kà á ní àkàtúnkà títí yóò fi lè kà á láìwò ó mọ́. Ọjọ́ tó bá kà á láìṣìnà ni wọ́n á tó fi omi fọ̀ ọ́, wọ́n á sì kọ òmíràn sí i. Ẹnikẹ́ni kì í fọ wàláà ọmọ tí kò tíì mọ tirẹ̀ sórí. Omi tí wọ́n bá fi fọ̀ ọ́ náà kì í ṣe omi àdàdànù. Hàntú ni, ọmọ tó ni ín ló máa mu ún. Ìyá mi a máa sọ pé ohun tó bá ti wọ orí, kó wọ inú pẹ̀lú, kó má baà ríbi sá lọ.

Ìyá mi ló kọ́ mi. Bàbá mi ń kọ́ àwọn ọmọkùnrin lágbàlá, ìyá mi ń kọ́ àwa ọmọbìnrin ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Nígbà tí mo ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń kọ kéwú, ọwọ́ mi ló máa fi sínú ọwọ́ rẹ̀, á máa wọ́ ọ lórí pákó bí ẹni ń tọ́ ọmọ tó ń kọ́ ìrìn sọ́nà. Ó ní àṣà kan: bí lẹ́tà bá ní ìrù, ó máa ń fa ìrù náà gùn, á wá ká a sókè lẹ́yìn. Bàbá mi fi ń ṣe yẹ̀yẹ́. Á ní, "Ìrù ọ̀bọ nìwọ ń kọ, kì í ṣe kéwú." Ìyá mi á ní, "Ọ̀bọ tó mọ̀wé ni."

Ọmọ ọdún méjìlá ni mí nígbà tó kú. Àìsàn ọjọ́ méjì péré. Ọjọ́ kẹta ṣáájú kí ó tó kú ni ó kọ ìlà méje sí wàláà mi. Mo ti mọ mẹ́rin nínú rẹ̀. Ẹ wá wo ọgbọ́n tí ọmọdé gbọ́n: mo ní tí mi ò bá mọ mẹ́ta tó kù, kò sí ẹni tó lè fọ̀ ọ́. Ìrù ọ̀bọ ìyá mi á wà níbẹ̀ títí láé. Mo mọ̀ọ́mọ̀ kọ̀ láti mọ̀ ọ́n. Bàbá fún mi ní wàláà mìíràn, mo ní rárá, tèmi kò tíì tán. Ó nà mí, mo ní kò tíì tán. Nígbà tó yá ó gbé e kọ́ sára ògiri yàrá rẹ̀, kò sì sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ mọ́. Ọdún mẹ́wàá nìyẹn. Mo dojú kọ ìwé òyìnbó, mo ṣe dáadáa níbẹ̀, kò sì sẹ́ni tó bá mi yọ̀ sí i nílé.

Fíìmù kan ló wá tú gbogbo rẹ̀ síta.

Mo wà ní ọdún tó kẹ́yìn ní yunifásítì, mò ń gbé ní họ́sítẹ́ẹ̀lì kan ní Ayigya pẹ̀lú ọmọbìnrin Àṣáńtì kan tó máa ń jẹ kẹnkẹ́ lórí bẹ́ẹ̀dì. Òun ló fi fíìmù náà hàn mí. Fíìmù àtijọ́ ni, àwọn ará Japan ló ṣe é, àwòrán tí wọ́n fi ọwọ́ yà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Mi ò ní dárúkọ rẹ̀ níbí, torí ojú mi rí nǹkan lórí ọ̀ràn rẹ̀. Mo rò pé ti ọmọdé ni. Ìgbà tó fi parí, mo ti fi ìbòrí mi nu imú, ọ̀rẹ́ mi sì ń fi mí rẹ́rìn-ín.

Ìtàn rẹ̀ kò le. Ọmọbìnrin ọlọ́dún méjìlá kan àti ìyá rẹ̀ ń lọ sílé ní ìrọ̀lẹ́. Ìyá náà fún un ní agbòòrùn oníbébà tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ ya ọ̀nà ilé sí: afárá kan, igi méjì, kànga, ẹnu ọ̀nà ilé wọn. Kùrukùru bò wọ́n lójú ọ̀nà, wọ́n sì já sí ìlú àwọn lékeléke tó ń wọ ẹ̀wù bí ènìyàn. Ìyá di lékeléke níbẹ̀, kò sì lè padà mọ́. Ọmọ náà ń ṣiṣẹ́ fún àwọn ẹyẹ wọ̀nyẹn, ó ń pọnmi, ó ń gbálẹ̀, ó ń wá bí yóò ṣe rí ìyá rẹ̀ gbà. Gbogbo ẹnu ibodè tó bá ti gbà kọjá, bàtà rẹ̀ á há mọ́ ọn lẹ́sẹ̀ díẹ̀ sí i, títí ó fi bọ́ ọ sílẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò sọ fún un pé o ti ń dàgbà. Bàtà ló sọ ọ́.

Nígbà tó rí i pé ìyá òun kò ní bá òun lọ, ó lọ sétí odò. Ó ṣí agbòòrùn yẹn, ó dì í mú ṣinṣin, ó wá tì í bọ omi. Gbogbo àwòrán tí ìyá rẹ̀ yà ṣàn lọ. Agbòòrùn di funfun báláú, ó gbé e lé èjìká, ó sì rìn lọ sílé, kò ṣìnà lẹ́ẹ̀kan.

Fíìmù yìí ni mo fi ṣe pírójẹ́ẹ̀tì àṣejáde mi, ibẹ̀ sì ni èmi àti ọ̀gá tó ń bójú tó o ti ń ja ìjà wa. Mo kọ ọ́ sínú orí kẹta pé ọmọ yẹn kò pàdánù ohunkóhun. Ó ti mọ ọ̀nà náà sórí, ìdí nìyẹn tó fi fọ̀ ọ́. Wàláà ni agbòòrùn yẹn, mo ní, ẹni bá ti mọ wàláà rẹ̀ ló ń fọ̀ ọ́. Mo kọ ojú ìwé mẹ́fà lórí rẹ̀. Inú mi dùn sí i débi tí mo kà á fún ọ̀rẹ́ mi sókè, òun tí kò mọ wàláà yàtọ̀ sí pákó ìgé-ẹran.

Ọ̀gá mi fi bírò pupa gé ojú ìwé mẹ́fẹ̀ẹ̀fà.

Ó pè mí sí ọ́fíìsì rẹ̀. Kì í ṣe èèyàn burúkú, mi ò ní parọ́ mọ́ ọn. Ó ń sọ̀rọ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ìyẹn gan-an ló ń bí mi nínú. Ó ní gbogbo àwọn tó ti kọ̀wé lórí fíìmù náà ló gbà pé ìgbà èwe ni àwòrán ara agbòòrùn yẹn dúró fún. Omi gbé e lọ. Ọmọ gbọ́dọ̀ gbàgbé ìyá kó tó lè di àgbà.

Mo ní, "Sà, ta ló gbàgbé ìyá rẹ̀ kó tó dàgbà?"

Ó ní, "Kò sí wàláà ní Japan."

"Sà, kò sí lékeléke tó ń wọ ẹ̀wù náà níbẹ̀."

Ó yọ dígí ojú rẹ̀. Mo mọ̀ pé mo ti sọ̀rọ̀ jù. Ó ní ohun tí mo ń sọ lè jẹ́ òótọ́ lọ́dọ̀ àwọn èèyàn mi, ṣùgbọ́n ta ló sọ ọ́? Ìwé wo? Bí kò bá sí nínú ìwé, kí n wá ẹni tó mọ̀ nípa àṣà fífọ wàláà yìí, kí ẹni náà wo fíìmù yẹn, kí n gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀, kí ó sọ bóyá ohun tí mo rí ni òun náà rí. Ọjọ́ Ẹtì ni ìparí. Bí orí kẹta kò bá dúró lọ́jọ́ Ẹtì, n ò ní bá àwọn ẹgbẹ́ mi jáde, màá tún jókòó fún ọdún kan gbáko.

Mo dé họ́sítẹ́ẹ̀lì, mo da báàgì mi sílẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi ní, "Ṣé bàbá ẹ kọ́ ni ààfáà?" Ó sọ ọ́ bí ẹni pé nǹkan tó rọrùn ni. Mo ní kí ó jẹ kẹnkẹ́ rẹ̀.

Mo ṣáà wọ tirótiró lọ́jọ́ Àìkú. Ọkọ̀ náà dúró ní Race Course bíi pé ó fẹ́ sùn síbẹ̀, awakọ̀ ń pe èrò, oòrùn ń pa wá, ọkùnrin ẹ̀gbẹ́ mi gbé adìyẹ méjì lé itan. Ìgbà tí mo fi fẹsẹ̀ rìn dé Dichemso, inú ti bí mi sílẹ̀ de Bàbá kí ó tó la ẹnu.

Ó wà lórí awọ àgùntàn rẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Mo kúnlẹ̀, mo kí i, ó dáhùn. Mo ṣàlàyé. Ó gbọ́ ọ títí, tẹ̀sùbáà ń lọ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Èmi?" ó ní. "Kí n jókòó kí n máa wo ẹyẹ tó wọ ẹ̀wù?"

"Bàbá, ìṣẹ́jú mẹ́rin péré ni, ìparí rẹ̀ nìkan."

"Dààbí!" Èdè Twi ni Bàbá fi máa ń kọ nǹkan tó bá ti bínú, bí ẹni pé rárá ti Yorùbá kò le tó. "Súbúhànálláhì. Ọmọ tí kò lè jókòó ti Kùránì ló jókòó ti àwòrán iwin. Kí ni o fẹ́ kí n wá jẹ́rìí sí?"

"Pé ẹni bá mọ̀ ọ́n sórí ló ń fọ̀ ọ́. Pé fífọ̀ kì í ṣe pípàdánù."

Tẹ̀sùbáà dúró. Bàbá yí ojú sí ẹnu ọ̀nà yàrá rẹ̀. Mi ò wo ibẹ̀. Mo mọ ohun tó wà lára ògiri yẹn.

"Ìwọ lo kọ ìyẹn sínú ìwé?" ó ní. "Ìwọ?"

Mo dìde. Mo ní kò burú, mo dúpẹ́, kí wọ́n máa wò mí nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ mi bá ń jáde. Mo sọ ọ̀rọ̀ mìíràn tí kò yẹ kí ọmọ sọ sí bàbá rẹ̀, mo ní tó bá jẹ́ Ìyá ni, á ti wò ó. Mo gba ẹnu géètì jáde, mo kọsẹ̀ lára kẹ́tù àlùwàlá Bàbá, omi dà sí mi lẹ́sẹ̀. Mo fi ẹsẹ̀ tútù wọkọ̀ padà sí Ayigya. Mo bú gbogbo èèyàn nínú ọkàn mi: Bàbá, ọ̀gá mi, gbogbo ilẹ̀ Japan.

Ọjọ́ Ajé lọ. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun lọ. Mo gbìyànjú láti tún orí kẹta kọ bí ọ̀gá ṣe fẹ́. Mo kọ ọ́ pé, "Ọmọ náà gbàgbé ìyá rẹ̀." Mo pa á rẹ́. Mo tún un kọ. Mo pa á rẹ́. Ọwọ́ mi kò gbà á.

Ọ̀rẹ́ mi ń wo fíìmù náà lẹ́ẹ̀kejì lórí ìbùsùn rẹ̀, torí pé kò ní nǹkan gidi ṣe láyé. Ó ní, "Wá wo nǹkan." Ó ti dá fíìmù dúró níbi tí ọmọ yẹn dúró sí létí odò. "Wo ẹnu rẹ̀. Kí ló ń jẹ?"

Mo wò ó. Ọmọ náà ti dijú. Ètè rẹ̀ ń mì. Kò sí ohùn kankan, orin nìkan ló ń lọ lábẹ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n ètè rẹ̀ ń mì, díẹ̀díẹ̀, ó pẹ́ díẹ̀ kí ó tó ti agbòòrùn bọmi. Mo ti wo fíìmù yẹn tó ìgbà méjìlá, mi ò rí i rí. Orí mi wú. Mo fi í sórí fóònù mi, ní Ọjọ́rú mo tún gba Dichemso lọ.

Lẹ́yìn ìrun Àsárì ni mo bá Bàbá. Mo tọrọ àforíjì ọ̀rọ̀ ọjọ́ Àìkú. Ó ní òun ti gbàgbé, tó túmọ̀ sí pé kò tíì gbàgbé rárá. Mi ò bẹ̀ ẹ́ mọ́. Mo tẹ fíìmù náà sí ibi ìparí, mo gbé fóònù lé orí awọ àgùntàn lẹ́gbẹ̀ẹ́ orúnkún rẹ̀, mo sì bá ẹsẹ̀ mi sọ̀rọ̀ lọ sí ilé ìdáná. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í fọ ìkòkò tó ti mọ́ tẹ́lẹ̀.

Mo gbọ́ orin ìparí yẹn. Ó tán. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú díẹ̀ mo tún gbọ́ ọ láti ìbẹ̀rẹ̀. Mo dúró pẹ̀lú kànrìnkàn lọ́wọ́. Àgbà yẹn ti tún un wò!

Ó pè mí. Mo jáde.

"Ta ló kọ́ ọmọ yìí ní kéwú?" ó ní.

"Bàbá, kì í ṣe Mùsùlùmí. Ará Japan ni. Àwòrán sì ni."

"Mo ní ta ló kọ́ ọ. Wo ẹnu rẹ̀. Ó ń kà á. Ó dijú, ó kà á láìwò ó, ó kà á tán, ó wá fọ̀ ọ́. Bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn. Ọmọ tí wọ́n tọ́ dáadáa ni."

Ẹ wò ó, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ dì mọ́ ọn. Mo gba fóònù, mo tẹ ibi tí wọ́n ti ń gba ohùn, mo ní, "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un sọ." Ó gún ara jókòó, ó tún ọ̀fun ṣe bí ẹni fẹ́ ṣe wáàsí, ó sọ ọ́ pátá: ohun tí wàláà jẹ́, ìdí tí a fi ń fọ̀ ọ́, ìdí tí a kì í da omi rẹ̀ nù, àti pé ọmọ inú fíìmù yẹn ń ka ọ̀nà ilé rẹ̀ ni. Mo ti ń rí ara mi níwájú ọ̀gá mi. Mo ti ń rẹ́rìn-ín.

"Pa nǹkan yẹn," Bàbá ní.

Mo pa á.

"Ọmọ yẹn kà á tán kó tó fọ̀ ọ́. Ìwọ ńkọ́?"

Ẹ̀rín gbẹ lẹ́nu mi. Mo ní, "Bàbá, ẹ jẹ́ kí a fi ìyẹn sílẹ̀."

"Ìwọ lo ń kọ́ ayé pé fífọ̀ kì í ṣe pípàdánù. O fẹ́ gba ìwé ẹ̀rí lórí rẹ̀. Kí ló dé tí o kò fọ tìẹ?"

"Mi ò mọ̀ ọ́n! Ìlà mẹ́rin ni mo mọ̀. Ẹ mọ̀ pé mẹ́rin ni mo mọ̀."

"Irọ́."

Kò pariwo. Ó ní, "Ọmọ ọdún mẹ́rìnlá ni ọ́, ò ń fọ àwo lẹ́yìn ilé. Èmi ń ṣe àlùwàlá lẹ́yìn ògiri. O kà á láti òkè dé ìsàlẹ̀, ìlà méjèèje, o sì tún un kà. Kò sí àṣìṣe kan níbẹ̀."

Òtítọ́ ni. Ta ni mo fẹ́ purọ́ fún? Inú ilé ààfáà ni mo gbé dàgbà. Àràárọ̀ ni wọ́n ń ka súrà yẹn lójú mi, àwọn ọmọ lágbàlá ń kà á, Bàbá ń kà á lórí ìrun. Báwo ni etí ṣe máa dí fún ọdún méjì? Mo mọ̀ ọ́n. Mo ti mọ̀ ọ́n tipẹ́. Mo kàn ń sọ fún ara mi pé mi ò mọ̀ ọ́n ni. Ojú tì mí, ìtìjú yẹn sì di ìbínú kíá.

"Ẹ mọ̀, ẹ ò sì sọ̀rọ̀?" mo ní. "Ọdún mẹ́jọ! Gbogbo àdúgbò ń fi mí ṣe ẹlẹ́yà, ọmọ Ààfáà tí kò kéwú. Kí ló dé tí ẹ ò fọ̀ ọ́ nígbà yẹn? Kí ló dé tí ẹ fi í sára ògiri?"

Bàbá gbé ojú kúrò lára mi. Ó ń wo ilẹ̀ ọ̀dẹ̀dẹ̀, níbi tí ìyá mi máa ń tẹ́ ẹní sí fún àwa ọmọbìnrin.

"Ṣé ìwọ nìkan ló kú fi sílẹ̀ ni?" ó ní.



Ó dìde, ó wọ yàrá, ó gbé e jáde. Ó kéré ju bí mo ṣe rántí rẹ̀ lọ. Eruku ọyẹ́ ọdún mẹ́wàá kò sí lára rẹ̀; ẹnìkan ti ń nù ún, ó sì ń yí ọwọ́ ká àwọn lẹ́tà náà kí ó má baà kàn wọ́n. Tàdáwà ti ṣá díẹ̀. Àwọn ìrù yẹn wà níbẹ̀, gbogbo wọn, wọ́n gùn, wọ́n ká sókè.

Bàbá yí ojú pákó sọ́dọ̀ ara rẹ̀. "Kà á," ó ní.

Mo dijú. Mẹ́rin àkọ́kọ́ jáde. Mo rò pé màá dúró níbẹ̀, bí mo ṣe máa ń dúró, ṣùgbọ́n ìkarùn-ún ti tẹ̀ lé e kí n tó mọ̀.  Mo kà á dé òpin. Bàbá ní, "Máṣà Állà."

Ó bu omi sínú abọ́ tánganran funfun. Àwa méjèèjì la jọ fọ̀ ọ́. Tàdáwà náà kò fẹ́ bọ́, ọdún mẹ́wàá ló ti gbẹ mọ́ pákó. Bàbá ń fi àtàǹpàkò rẹ̀ rọra pa á, ìlà kan lẹ́yìn ìlà kan. Omi dúdú. Mo mu ún, ó korò, ó ń run èéfín, eyín mi dúdú. Mo mu ún dé ìdajì. Bàbá na ọwọ́, ó gba abọ́ náà lọ́wọ́ mi. Láti ìgbà tí mo ti mọ̀ ọ́n, kò mu hàntú ọmọ kéwú kankan rí. Ọmọ tó ni ín ló ń mu ún. Ó gbé e sí ẹnu, ó mu ìyókù tán.

Inú tirótiró ni mo wà nígbà tí mo rántí. Fóònù wà lọ́wọ́ mi. Mo gba ohùn Bàbá, mi ò sì ya pákó yẹn ní fọ́tò, ẹyọ kan ṣoṣo! Mo fi ọwọ́ gbá iwájú orí mi débi tí obìnrin ẹ̀gbẹ́ mi ní, "Kósẹ̀, kósẹ̀," ó ń fi Twi kí mi pẹ̀lẹ́, ó rò pé mo forí gbá fèrèsé. Mo dé họ́sítẹ́ẹ̀lì, ohun àkọ́kọ́ tí ọ̀rẹ́ mi sọ ni pé, "O ò ya fọ́tò rẹ̀?" Mo fẹ́ẹ̀ lù ú. Mo tú gbogbo àpótí mi láti wá bébà kan, ohunkóhun, tí ọwọ́ ìyá mi wà lára rẹ̀. Kò sí. Wàláà ló ń kọ, wàláà sì ni wọ́n ń fọ̀. Mo bínú sí Bàbá, mo bínú sí ara mi, mo bínú sí ọmọ inú fíìmù tó ń gbé agbòòrùn funfun kiri bí ẹni pé nǹkan kan kò ṣẹlẹ̀.

Lọ́jọ́ Ẹtì, ọ̀gá mi gbọ́ ohùn Bàbá, mo sì ń túmọ̀ rẹ̀ fún un. Ó wo ẹnu ọmọ yẹn lẹ́ẹ̀mẹ́ta. Ó ní òun kò rí i rí, ó sì dùn mọ́ mi pé ojú tì í díẹ̀. Ó ní kí orí kẹta dúró. Ó wá ní, "Ṣùgbọ́n o kò kọ ọ́ pé ó dun ọmọ náà." Mo ní kí ni? Ó ní, "O kọ ọ́ pé kò pàdánù ohunkóhun. Wo ojú rẹ̀ lẹ́yìn tó fọ̀ ọ́ tán." Ká ní ọjọ́ Àìkú tí mo kọ́kọ́ lọ sílé ni, ǹ bá ti bá a jiyàn títí ilẹ̀ fi ṣú. Lọ́jọ́ Ẹtì yẹn, mo gba bírò rẹ̀, mo pa ọ̀rọ̀ náà rẹ́ fúnra mi.

Ní ọjọ́ Àbámẹ́ta mo lọ sí Dichemso. Bàbá ti gbé wàláà náà sí orí ẹní, ó ti fi ìgò tàdáwà àti gègé tì í. Ó ní súrà tó tẹ̀ lé e ti ń dúró dè mí láti ọdún mẹ́wàá, kí n kọ ọ́, ojú òun kò ríran dáadáa mọ́. Irọ́ ni, ó ń ka ìwé ìròyìn láìlo dígí. Mo ní mi ò tíì kọ kéwú láti ìgbà tí Ìyá ti kú, ọwọ́ mi ti le. Ó ní kí n kọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Mo kọ ọ́. Ó wọ́, ó tẹ̀, mo da tàdáwà sí aṣọ, mo ń kùn. Ìlà márùn-ún gbà mí ní àsìkò tí ọmọ ọdún méje á ti kọ mẹ́wàá. Mo gbé e fún Bàbá, mi ò tilẹ̀ wò ó.

Ó gbé e sún mọ́ ojú. Ó tún gbé e jìnnà. Ó fi ìka rẹ̀ tọ ìlà kejì lọ, kò jẹ́ kó kan tàdáwà tútù náà, títí ó fi dé ibi tí lẹ́tà kan ti na ìrù rẹ̀ gùn, tó sì ká a sókè lẹ́yìn.

"Ìrù ọ̀bọ," ni Bàbá wí.

Ó gbé pákó náà lé mi lẹ́sẹ̀, ó sì dìde kíá, ó ní òun fẹ́ lọ ṣe àlùwàlá. Kò tíì tó àkókò ìrun kankan.